Orúkọ Tí Ọlájídé Kò Fẹ́ Dá

Kò sí ẹni tí kò mọ̀ ní Banikanni, àdúgbò kan ní Parakou, pé Mẹ́tìrì Adéṣínà, olùkọ́ wọn, ń kọ ìwé. Bí ilé ẹ̀kọ́ bá ti tú, tí ó sì ti jẹun tán, a gbé tábìlì rẹ̀ bọ́ sábẹ́ igi máńgòrò tó wà níwájú ilé, a máa kọ̀wé títí oòrùn yóò fi rọlẹ̀. Àwọn tó ń kọjá a kí i pé, "Mẹ́tìrì, ẹ kú iṣẹ́ ìwé o," òun náà a kàn gbé ọwọ́ sókè, kò ní gbójú kúrò lórí tábìlì, bí ẹni tó gbé igbá omi tó kún tí kò fẹ́ kó dà nù. Ìtàn ẹgbẹ́ àwọn òṣìṣẹ́ ọkọ̀ ojú irin ló ń kọ, èyí tí wọ́n ń fi èdè Faransé pè ní sẹ̀ndíkà: bí wọ́n ṣe dá a sílẹ̀ nígbà ayé Òyìnbó, bí wọ́n ṣe da iṣẹ́ sílẹ̀ tí ọkọ̀ ojú irin kò fi lè rìn láti Parakou dé Kútọ̀nú, àti bí ìdaṣẹ́sílẹ̀ náà ṣe fọ́ mọ́ wọn lọ́wọ́.

Ó ti pẹ́ tó ti ń kọ ọ́. Òmìnira dé bá a lẹ́nu rẹ̀. Àwọn òṣìṣẹ́ fi ìwọ́de lé ìjọba àkọ́kọ́ lọ ní Kútọ̀nú, ó ń kọ ọ́. Àwọn ológun gba ìjọba, ó ṣì ń kọ ọ́. Kì í ṣe pé ó ya ọ̀lẹ. Ibì kan ló wà nínú ìtàn náà tí kò rọ́nà wọ̀. Nígbà tí ìdaṣẹ́sílẹ̀ gbóná janjan, ọkọ̀ ojú irin kan ṣàdéédé fọn fèrè ní Parakou ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan, ó gbéra, ó forí lé Kútọ̀nú. Bí àwọn òṣìṣẹ́ tó wà ní Ṣábẹ̀ àti Bohicon ṣe rí i pé ti Parakou ti rìn, ọkàn wọn já, kálukú padà sẹ́nu iṣẹ́. Ta ló wa á? Àwọn kan ní Òyìnbó ni. Àwọn kan ní wọ́n gbé awakọ̀ kan wá láti ọ̀nà jíjìn. Eruku ọyẹ́ ń fẹ́ lọ́jọ́ náà, ẹni tó wà nídìí ẹ̀rọ fi láwàní wé gbogbo ojú, àwọn ṣọ́jà sì yí i ká. Mùnírù, tó jẹ́ olórí ẹgbẹ́, ni wọ́n lé kúrò lẹ́nu iṣẹ́ lẹ́yìn èyí. Kò pẹ́ sí i tó fi kú.

Opó Mùnírù, Ìyá Àgbà Àràmọ́tù, ṣì wà láàyè ní Albarika, àdúgbò mìíràn nínú ìlú náà. Adéṣínà ti lọ bá a lọ́pọ̀ ìgbà. Ìyá a fún un lómi, a bèèrè ìyàwó, a bèèrè ọmọ, a sọ bí ọkọ òun ṣe máa ń rẹ́rìn-ín àti bí ó ṣe máa ń bínú. Ṣùgbọ́n bí ọ̀rọ̀ bá ti kan awakọ̀ ọjọ́ yẹn, ìyá a fẹnu mọ́ ọn, a ní, "Ọmọ mi, ọ̀rọ̀ ti pẹ́."

Bàbá Adéṣínà pàápàá, Olóògbé Ọládélé, awakọ̀ ojú irin ni nígbà ayé rẹ̀. Ṣùgbọ́n ilé ẹ̀kọ́ àwọn olùkọ́ ní ìhà gúúsù ni Adéṣínà wà nígbà ìdaṣẹ́sílẹ̀ náà, bàbá rẹ̀ kì í sì í fẹ́ sọ̀rọ̀ nípa rẹ̀. "Ìyà ni a jẹ," ló máa ń wí, yóò sì bọ́ sí ẹ̀yìnkùlé.

Báyìí ni nǹkan ṣe wà tí Ọlájídé fi dé.

Ọmọ Ìdàáṣà ni Ọlájídé, ṣùgbọ́n Parakou ni wọ́n ti tọ́ ọ, Adéṣínà ló sì kọ́ ọ ní ìwé kíkà. Òun ló kọ́kọ́ fi ẹfun lé e lọ́wọ́ níwájú pátákó. Ọmọ náà lọ sí Kútọ̀nú, ó ti ibẹ̀ dé yunifásítì Dàkáà, àwọn ènìyàn sì máa ń sọ fún Adéṣínà pé, "Mẹ́tìrì, iṣẹ́ ọwọ́ yín nìyẹn o," inú rẹ̀ a sì dùn. Nígbà tí ọmọ náà wá yọ lábẹ́ igi máńgòrò ní ọ̀sán ọjọ́ kan, tó dọ̀bálẹ̀ gbalaja nínú eruku pẹ̀lú aṣọ funfun tó wọ̀, inú Adéṣínà dùn débi pé ó dìde, ó fa á sókè fúnra rẹ̀.

"Mẹ́tìrì, mo tún ti dé o. Iṣẹ́ ni wọ́n rán mi wá ṣe, ẹ̀yin ni mo sì kọ́kọ́ wá bá."

"Iṣẹ́ kí ni?"

"Ìtàn àwọn ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ ni. Ti ọkọ̀ ojú irin ni mo fẹ́ fi bẹ̀rẹ̀. Àwọn ọ̀gá mi ní Dàkáà ti gbà pé tí mo bá kọ ọ́ tán, àwọn yóò tẹ̀ ẹ́ jáde."

Adéṣínà rẹ́rìn-ín. Ó ní iṣẹ́ ńlá ni, kí Ọlọ́run ràn án lọ́wọ́. Ó pe ìyàwó rẹ̀, Ìbíyẹmí, pé kó gbé oúnjẹ wá fún àlejò. Ṣùgbọ́n lábẹ́ ẹ̀rín náà, nǹkan kan ti ta á láyà. Ó dà bí ìyálé tí ọkọ mú ìyàwó tuntun wọlé, tí wọ́n ní kó fi ìdí ààrò hàn án. Ìwé tí òun ti ń kọ láti ìgbà tí ọmọ yìí ṣì ń nu ikun nímú, ọmọ yìí fẹ́ wá kọ ọ́ láàárín ẹ̀ẹ̀rùn kan!

Ọlájídé ní ẹ̀rọ kan tó ń gba ohùn sílẹ̀, ó gbé e kọ́ èjìká bí àpò ọlọ́jà. Ẹ̀rọ yìí gan-an ló ba Adéṣínà nínú jẹ́ jù. Gàní, tó jẹ́ olórí ẹgbẹ́ lásìkò náà, máa ń jẹ́ kí Adéṣínà dúró lẹ́nu ọ̀nà títí ẹsẹ̀ yóò fi máa ro ó kí ó tó dá a lóhùn. Ṣùgbọ́n nígbà tó gbọ́ pé ẹ̀rọ Dàkáà ń bọ̀, agbádá ọjọ́ ọdún ló wọ̀ jókòó dè é. Àwọn ọ̀gbẹ́ni tí wọ́n sọ fún Adéṣínà pé àwọn ti gbàgbé, wọ́n ń rántí. Wọ́n ń kọrin tí wọ́n kọ nígbà ìdaṣẹ́sílẹ̀ sínú ẹ̀rọ, wọ́n ń gbọ́ ohùn ara wọn padà, wọ́n ń pàtẹ́wọ́.

Ní ọjọ́ kan, Ọlájídé bi í léèrè níbi tí wọ́n jọ ń jẹ iṣu pẹ̀lú wàgàṣì, wàrà líle tí àwọn Fúlàní máa ń dín.

"Mẹ́tìrì, wọ́n ní ìyàwó Mùnírù ṣì wà. Ǹjẹ́ ẹ mọ ilé rẹ̀?"

Adéṣínà jẹ iṣu ẹnu rẹ̀ tán kó tó dáhùn. "Ó ti lọ bá ọmọ rẹ̀ ní Jugú. Orí rẹ̀ kò sì fi bẹ́ẹ̀ dá mọ́. Má wulẹ̀ dààmú ara rẹ."

"Ó mà ṣe o," ni Ọlájídé wí, ó sì gbà á gbọ́, nítorí ẹni tó kọ́ ni ní "a, b, d" kì í purọ́ fún ni.

Bí àlejò ṣe lọ tán ni Ìbíyẹmí jáde láti inú ilé. Aṣọ ló ń tà lọ́jà, ojú rẹ̀ sì là.

"Bàbá Yétúndé, Ìyá Àràmọ́tù wo ló lọ sí Jugú? Èyí tí mo kí lọ́jà lánàá?"

Adéṣínà yíjú sí tábìlì. Ó ń to ìwé rẹ̀ jọ.

"Orogún èmi ni wọ́n ní kó máa jowú. Èmi kò ní orogún. Ìwọ ọkùnrin lo wá ń ṣe é fún mi nínú ilé. Ọmọ tí o kọ́! Òjòwú kò lẹ́ran láyà o. Wo bí o ṣe rù."

"Kò yé ọ," ni Adéṣínà wí. "Gbogbo ọjọ́ ayé mi ló wà lórí tábìlì yìí."

"Ta ló wá fẹ́ gbé tábìlì rẹ lọ?"

Ìbíyẹmí padà sínú ilé, ṣùgbọ́n kò lè panu mọ́ níwájú ìyá àgbà. Nígbà tí ìyá bi í lọ́jà bóyá òótọ́ ni pé ẹnìkan ti Dàkáà dé, tó ń bèèrè ọ̀rọ̀ àwọn Mùnírù, ó ní òótọ́ ni. Ìyá ní kí wọ́n bá òun ránṣẹ́ pè é.

Ẹnu Gàní ni Adéṣínà ti gbọ́. "Mẹ́tìrì, ọmọ yín yìí gbóyà o! Láti àárọ̀ àná ló ti wọ ilé Ìyá Àràmọ́tù, ìrun alẹ́ ló lé e jáde. Wọ́n tilẹ̀kùn mọ́ra. Ẹ wo bí ìyá ṣe sọ̀rọ̀ tó!"

Adéṣínà gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sí kíláàsì. Wọ́n tilẹ̀kùn! Kò sígbà kan tí ìyá tilẹ̀kùn nítorí tirẹ̀. Àwọn ọmọ kíláàsì rẹ̀ ń kàwé sókè, kò gbọ́ wọn. Nǹkan kan ṣoṣo ló ń yí lórí rẹ̀: ó ti sọ fún un. Orúkọ tí mo ti ń wá, ó ti sọ ọ́ fún ọmọdé.

Kí Ọlájídé tó padà, Gàní pe àwọn òṣìṣẹ́ jọ sí ilé ìpàdé ẹgbẹ́ ní ọjọ́ Àìkú, pé kí ó wá sọ ohun tó rí fún wọn. Ilé kún. Àwọn awakọ̀ wá, àwọn tó ń tún ọ̀nà irin ṣe wá, àwọn olùkọ́ náà wá nítorí wọ́n ní ẹgbẹ́ tiwọn. Adéṣínà jókòó ní ìlà iwájú, níbi tí wọ́n fi í sí tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀.

Ọlájídé mọ ọ̀rọ̀ sọ. Ìyẹn gan-an tún jẹ́ ìyà lọ́tọ̀. Ó ń sọ Yorùbá, ó ń da Faransé mọ́ ọn, Gàní sì ń tún un sọ ní èdè Déndì fún àwọn tí kò gbọ́. Ó sọ bí àwọn obìnrin ọjà ṣe ń bọ́ àwọn tó daṣẹ́ sílẹ̀. Ó sọ bí Mùnírù ṣe gun orí àgbá ẹ̀pà ní làgáà, níbi tí ọkọ̀ ojú irin máa ń dúró sí, tó sì bá èrò sọ̀rọ̀ títí ohùn rẹ̀ fi pin. Àwọn arúgbó ń nu ojú. Nígbà tó dé ibi tí ìdaṣẹ́sílẹ̀ parí sí, ó kàn sọ pé, "Ọkọ̀ kan gbéra láti ibí, ọkàn àwọn ènìyàn sì rẹ̀wẹ̀sì," ó sì fẹ́ kọjá lọ.

Adéṣínà dìde dúró.

"Ta ló wa ọkọ̀ náà?"

Ọlájídé yíjú sí i. "Mẹ́tìrì, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ ká fi ìyẹn sílẹ̀."

"Mo bi ọ́ ní ìbéèrè. Ṣé o mọ̀ ọ́n ni, àbí o kò mọ̀ ọ́n?"

Ọmọ náà kò mọ irọ́ pa. Ilẹ̀ ló ń wò. "Mo mọ̀ ọ́n."

Ariwo sọ. Adéṣínà gbé ọwọ́ sókè kí wọ́n dákẹ́, bó ṣe máa ń ṣe ní kíláàsì, wọ́n sì dákẹ́. Ó ti pẹ́ tí ara rẹ̀ ti yá bẹ́ẹ̀ gbẹ̀yìn.

"Ẹ gbọ́ o, ẹ̀yin ènìyàn! Ó mọ̀ ọ́n! Ẹ tú ọkàn yín palẹ̀ fún un, ẹ fún un ní orin yín, ó wá di ohun tó yẹ kó jẹ́ tiyín mọ́ àpò. Ṣé irú ìtàn tí wọ́n ń kọ́ yín ní Dàkáà nìyẹn? Òpìtàn tó bá ń bo ọ̀dàlẹ̀ mọ́lẹ̀, òun àti ọ̀dàlẹ̀ náà, ọmọ ìyá ni wọ́n. Dá orúkọ rẹ̀! Kí ilé bàbá rẹ̀ gbọ́, kí ọmọ rẹ̀ gbọ́!"

"Dá orúkọ rẹ̀!" ni àwọn èrò ń kígbe. "Dá a!"

Òógùn bo ojú Ọlájídé. Ó gbójú sókè wo olùkọ́ rẹ̀, ojú náà kò sì ní ìbínú rárá, èyí tó tún mú inú bí Adéṣínà sí i. "Ẹ dárí jì mí, Mẹ́tìrì," ló wí. "N kò ní dá a."

Báyìí ni ìpàdé ṣe tú. Àwọn kan ń bú ọmọ náà bó ṣe ń jáde, ẹnìkan tilẹ̀ ní kó fi ohùn òun tó wà nínú ẹ̀rọ sílẹ̀ kó tó lọ. Adéṣínà ń gba ọwọ́ àwọn ènìyàn, wọ́n ń ní, "Mẹ́tìrì, ẹ ṣé é," ó sì dà bí ẹni tí wọ́n bu omi tútù fún lẹ́yìn ọ̀nà jíjìn. Ìbíyẹmí nìkan ni kò kí i nígbà tó délé.

Ní ọjọ́ kejì, bí ilé ẹ̀kọ́ ṣe tú, Albarika ló gbà lọ. Kò lọ sílé jẹun. Ìyá Àgbà Àràmọ́tù jókòó lórí ẹní lábẹ́ àjà, ó ń ran òwú, kò sì dá iṣẹ́ dúró nígbà tí Adéṣínà dọ̀bálẹ̀ kí i.

"Wọ́n ní o fi ọmọ yẹn ṣe yẹ̀yẹ́ lójú èrò."

"Ìyá, ẹ jọ̀ọ́, kí ni mo ṣe fún yín? Mo ti ń bọ̀ níbí láti ìgbà tí orí yín kò tíì hu ewú. N kò wá lọ́wọ́ òfo rí. Ọmọ tó dé lánàá ni ẹ wá tilẹ̀kùn fún. Kí ló ní tí n kò ní?"

Ìyá gbé òwú sílẹ̀. Ó wò ó pẹ́.

"Ohun tí kò ní ni mo fi sọ fún un. Kò ní bàbá tó wa ọkọ̀ ojú irin."

Adéṣínà kò tètè gbọ́ ohun tí ìyá wí. Ó gbọ́ ọ̀rọ̀ náà, ìtumọ̀ rẹ̀ ni kò tètè dé. Nígbà tó dé, ó jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ láìmọ̀.

"Àwọn Òyìnbó pè é," ni ìyá wí. "Wọ́n ní ọmọ rẹ̀ wà ní ilé ẹ̀kọ́ ìjọba. Tí kò bá gbé ọkọ̀ náà lọ sí Kútọ̀nú, ọmọ náà yóò padà sílé wá roko. Nígbà tó ti Kútọ̀nú dé, ó wá síbí. Ibi tí o jókòó sí yẹn gan-an ló dọ̀bálẹ̀ sí. Ó jẹ́wọ́. Ọkọ mi dìde lé e lórí, mo rò pé yóò pa á. Ó wá ní, 'Ọládélé, ohun tó bàjẹ́ ti bàjẹ́. Bí mo bá dá orúkọ rẹ, wọ́n á sun ilé rẹ, ọmọ náà kò sì ní rí ọmọ ẹnikẹ́ni kọ́ nílùú yìí. Máa lọ. Má tún wá ilé mi mọ́.' Kò sọ ọ́ fún ẹlòmíràn rí."

"Ẹ̀yin ni ẹ sì ń fún mi lómi mu," ni Adéṣínà wí.

"Má rò pé ó rọrùn o. Ìgbà kan wà tí n kò lè gbọ́ fèrè ọkọ̀ yẹn kí n má sunkún. Tí mo bá rí bàbá rẹ lọ́nà, mo máa ń yà. Ṣùgbọ́n àwọn ọmọ-ọmọ mi, ìwọ lo kọ́ wọn. Mo ń dàgbà, n kò fẹ́ gbé ọ̀rọ̀ náà wọ sàréè. Mo sọ fún ọmọ Dàkáà, mo ní kó búra pé kò ní dá orúkọ náà níwọ̀n ìgbà tí o bá wà láyé, àfi tí ìwọ fúnra rẹ bá ní kó dá a." Ìyá tún gbé òwú rẹ̀. "Ìwọ ni o dìde lójú gbogbo ayé pé kó dá a. Ọmọ yẹn sì gba èébú nítorí rẹ."

Kò mọ bó ṣe délé. Ó jókòó sábẹ́ máńgòrò, kò gbé ìwé jáde. Nígbà tí Ìbíyẹmí wá bá a, ó sọ gbogbo rẹ̀ fún un, títí kan irọ́ Jugú tí ìyàwó rẹ̀ ti mọ̀ tẹ́lẹ̀. Ìbíyẹmí kò bá a wí. Ó ní, "Ọkọ̀ àárọ̀ ọ̀la ni ọmọ náà ń wọ̀."

Làgáà kún fún àpò ẹ̀pà tí àwọn ọkọ̀ ẹrù kó wá láti ilẹ̀ Nàìjẹ̀ ní àríwá. Ọlájídé dúró létí ẹnu ọ̀nà ọkọ̀ èrò pẹ̀lú ẹ̀rọ rẹ̀ léjìká, kò sí ẹnìkan nínú àwọn ọmọ ẹgbẹ́ tó wá sìn ín. Nígbà tó rí Adéṣínà, ó tún fẹ́ dọ̀bálẹ̀.

"Dìde," ni Adéṣínà wí. "Dìde, jọ̀ọ́. Mo ti dé Albarika."

Ọlájídé mọ̀. Ó gbé ẹ̀rọ rẹ̀ sílẹ̀.

"Mo parọ́ fún ọ nípa ìyá. Mo sì bú ọ. Mo jowú rẹ, Ọlájídé. Mo jowú rẹ débi pé mo fi ọwọ́ ara mi fa ilé bàbá mi síta."

"Mẹ́tìrì, ẹ má sọ bẹ́ẹ̀."

"Kọ ọ́. Mo tú ọ sílẹ̀ nínú ìbúra. Kọ orúkọ Ọládélé síbẹ̀."

Ọmọ náà mi orí. "Tí mo bá kọ ọ́, ọ̀rọ̀ ọ̀dàlẹ̀ kan lásán ni yóò jẹ́. Tí ẹ̀yin bá kọ ọ́, àwọn ènìyàn yóò mọ bó ṣe jẹ́. Ẹ kọ ọ́ ránṣẹ́ sí mi. Èmi yóò fi orúkọ yín sí i."

Ọkọ̀ fọn fèrè. Adéṣínà dúró sáàárín àwọn àpò ẹ̀pà, ó ń wo ọmọ tó ń juwọ́ sí i lójú fèrèsé, nǹkan tó sì yà á lẹ́nu ni pé owú náà kò tíì lọ. Tẹ́lẹ̀, ìwé ọmọ náà ló ń jowú. Ní báyìí, inú rere rẹ̀ ni. Ó ń bi ara rẹ̀ pé bó bá jẹ́ òun ni wọ́n ń kígbe lé lórí bẹ́ẹ̀, ṣé òun ì bá lè dákẹ́?

Ó kọ ọ́. Òjò bẹ̀rẹ̀, ó sì ń dá lọ kó tó kọ ọ́ tán, nítorí gbogbo ìgbà tó bá kọ orúkọ bàbá rẹ̀ ni ọwọ́ rẹ̀ máa ń wúwo. Kó tó fi ránṣẹ́, ó ní kí Gàní pe àwọn òṣìṣẹ́ jọ, ó sì kà á fún wọn nínú ilé ìpàdé kan náà. Àwọn kan dìde jáde. Arúgbó kan tutọ́ sílẹ̀ níwájú rẹ̀. Gàní dorí kodò títí ó fi kà á tán, lẹ́yìn náà ó ní, "Ṣé kí wọ́n má bàa lé yín kúrò níléèwé ni bàbá yín ṣe wa á?" Adéṣínà ní bẹ́ẹ̀ ni. Gàní mí kanlẹ̀. "Èmi náà ní ọmọ," ló wí, kò sì sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ó pẹ́ tí àwọn kan kò fi kí Adéṣínà mọ́ lójú ọ̀nà, àwọn míì kò sì kí i mọ́ rárá. Ṣùgbọ́n wọn kò kó ọmọ wọn kúrò lọ́dọ̀ rẹ̀.

Nígbà tí ìwé Ọlájídé jáde ní Dàkáà, ó fi ọ̀kan ránṣẹ́. Ìbíyẹmí ń wo ọkọ rẹ̀ bó ṣe ń ṣí i. Orúkọ ara rẹ̀ ló kọ́kọ́ wá. Ó ṣí iwájú, ó ṣí ẹ̀yìn, ó rí i nísàlẹ̀ ojú ìwé kan, lẹ́tà rẹ̀ tín-ín-rín bí ẹsẹ̀ èèrà, ojú rẹ̀ sì korò.

"Ó ti kéré jù, àbí?" ni Ìbíyẹmí wí, ó bú sẹ́rìn-ín.

Adéṣínà náà rẹ́rìn-ín, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò dé inú. Ó wá ka gbogbo ojú ìwé náà sókè fún un, ibi ṣọ́jà, ibi láwàní, ibi tí bàbá rẹ̀ ti lọ dọ̀bálẹ̀ nílé Mùnírù. Nígbà tó kà á tán, ó pa ìwé dé.

"Ọmọ yẹn mọ̀ ọ́n kọ," ló wí, ohùn rẹ̀ sì korò díẹ̀.